Ẹjọ́ Tí Ilé Ẹjọ́ Òkè Dá Padà: Ọ̀rọ̀ Àṣẹ, Àkókò àti Ẹ̀rí nínú Àtúngbọ́ Ẹjọ́

Ìfáárà

Ìdánilẹ́kọ̀ọ́ yìí dá lórí ìgbésẹ̀ kan nínú ètò ìdájọ́ tí ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń gbọ́ lórí rédíò láìmọ ohun tí ó jẹ́ gan-an, èyí ni pé kí ilé ẹjọ́ tí ó wà lókè wọ́gi lé ìdájọ́ ilé ẹjọ́ tí ó wà nísàlẹ̀, síbẹ̀ kí ó má dá ẹjọ́ náà fúnra rẹ̀, kí ó dá a padà pé kí wọ́n tún un gbọ́ tàbí kí wọ́n tún un yẹ̀ wò, nítorí pé òfin tí wọ́n fi dá a lákọ̀ọ́kọ́ kì í ṣe òfin tí ìdájọ́ tuntun fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀. Bí irú ìròyìn bẹ́ẹ̀ bá jáde, ẹni tí ó pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn a máa jó, ẹnì kejì a máa fajú ro, bẹ́ẹ̀ ni kò yẹ kí èkínní jó, kò sì yẹ kí èkejì fajú ro, nítorí pé ẹjọ́ tí a dá padà kò tíì di ti ẹnikẹ́ni. Ohun tí ìdánilẹ́kọ̀ọ́ yìí fẹ́ fi hàn ni pé ohun mẹ́ta ló gbé àǹfààní dídá ẹjọ́ padà ró: ọ̀rọ̀ tí ó wà nínú àṣẹ tí ó dá a padà, àkókò tí òfin fún un, àti ẹ̀rí tí ó ṣẹ́ kù láti fi tún un gbọ́. Níbi tí ọ̀kan nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta bá ti yẹ̀, òfin tuntun ìbáà dára tó báwo, kò ní dé ọ̀dọ̀ ẹni tí ó ni ẹjọ́.

Ọ̀rọ̀ náà kò jìnnà sí Àpòmù àti Ìkirè. Ẹjọ́ ilẹ̀ oko, ẹjọ́ ogún àti ẹjọ́ oyè jẹ́ irú ẹjọ́ tí ó máa ń pẹ́ ní ilé ẹjọ́ nílẹ̀ Yorùbá, èyí tí ó bá sì bẹ̀rẹ̀ ní ìjọba ìbílẹ̀ Ìṣọ̀kan tàbí Irewọlé, níbi tí ìlú méjèèjì wà, tí ó kọjá ní Ilé Ẹjọ́ Gíga Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun, Àkúrẹ́ ni yóò gbà lọ sí Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn, Abùjá sì ni òpin ọ̀nà. Ìrìn náà máa ń gba ọ̀pọ̀ ọdún, ẹjọ́ tí ó sì ti dé Abùjá tún lè gba ọ̀nà kan náà padà wá sílé. Ìtàn Àpòmù fúnra rẹ̀ sì fi hàn pé ó sàn kí ẹjọ́ rìn jìnnà ju kí ó má ní ibi tí yóò lọ, nítorí pé aáwọ̀ ọjà Àpòmù, níbi tí wọ́n ti ń jí àwọn ará Ọ̀yọ́ gbé tà, wà lára ohun tí àwọn òpìtàn tọ́ka sí gẹ́gẹ́ bí ìpìlẹ̀ ogun tí ó tú Òwu ká ní àwọn ọdún 1820, ní àkókò tí àwọn ìlú tí ọ̀rọ̀ náà kàn kò ní adájọ́ kan tí gbogbo wọn gbà pé ọ̀rọ̀ rẹ̀ ni abẹ gé.

Ìdájọ́ atọ́nà àti ohun tí dídá ẹjọ́ padà jẹ́

Ọ̀rọ̀ méjì ni ó yẹ kí a kọ́kọ́ là yé. Èkínní ni ìdájọ́ atọ́nà, èyí tí a ń lò níhìn-ín fún ìdájọ́ tí ilé ẹjọ́ òkè ti ṣe lórí kókó òfin kan, tí ilé ẹjọ́ ìsàlẹ̀ sì gbọ́dọ̀ tẹ̀ lé nígbàkigbà tí irú kókó bẹ́ẹ̀ bá tún yọjú. Àpẹẹrẹ tí ó súnmọ́ ilé ni ẹjọ́ Dáwódù àti Dánmọ́lé lórí ogún ẹni tí ó fi ọmọ mẹ́sàn-án láti ọ̀dọ̀ ìyàwó mẹ́rin sílẹ̀ lọ ní Èkó. Adájọ́ tí ó kọ́kọ́ gbọ́ ẹjọ́ náà sọ pé pípín ogún ní ìdí-igi, èyí ni pé kí iye ìyàwó tí ó bímọ jẹ́ iye ọ̀nà tí a óò pín ogún sí, kò bá ẹ̀tọ́ mu, ó sì ní kí wọ́n pín in ní orí-ò-jorí, kí ọmọ kọ̀ọ̀kan gba ìpín tirẹ̀. Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ti ìjọba àpapọ̀ nígbà náà yí ìdájọ́ yìí padà, Ìgbìmọ̀ Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, tí ó jẹ́ ibi ìkẹyìn tí ẹjọ́ Nàìjíríà ń lọ títí di ọdún 1963, sì fọwọ́ sí i ní ọdún 1962 pé ìdí-igi ni àṣà Yorùbá, pé orí-ò-jorí jẹ́ ọ̀nà tí olórí ẹbí lè lò bí ìjà bá wà láàárín àwọn ọmọ. Láti ìgbà náà ni adájọ́ ìsàlẹ̀ kò ti ní ẹ̀tọ́ láti sọ pé ìdí-igi kò tẹ́ òun lọ́rùn. Abala 287 ìwé òfin orílẹ̀-èdè Nàìjíríà ti ọdún 1999 ni ó fi irú ìdè yìí múlẹ̀ lónìí, nítorí pé ó pa á láṣẹ fún gbogbo ilé ẹjọ́ ìsàlẹ̀, gbogbo aláṣẹ àti gbogbo ènìyàn láti mú ìdájọ́ Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ṣẹ.

Ọ̀rọ̀ kejì ni dídá ẹjọ́ padà. Nígbà tí ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn bá dé ilé ẹjọ́ òkè, ọ̀nà mẹ́ta ló ṣí sílẹ̀ fún un: ó lè fọwọ́ sí ìdájọ́ ìsàlẹ̀, ó lè yí i padà kí ó sì dá ẹjọ́ náà fúnra rẹ̀, tàbí kí ó wọ́gi lé e kí ó sì dá a padà. Abala 15 nínú Òfin Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn àti abala 22 nínú Òfin Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ fún àwọn ilé ẹjọ́ méjèèjì lágbára láti ṣe ohun tí ilé ẹjọ́ ìsàlẹ̀ ì bá ṣe, tàbí láti dá ẹjọ́ padà síbẹ̀. Ohun tí ó sábà máa ń jẹ́ kí wọ́n yan dídápadà ni pé ilé ẹjọ́ òkè kì í rí ẹlẹ́rìí, ìwé ni ó ń kà. Bí ìdájọ́ kò bá wé mọ́ ju ìtumọ̀ òfin lọ, ìwé tó. Ṣùgbọ́n bí ó bá wé mọ́ mímọ ẹni tí ó ń sọ òótọ́ láàárín ẹlẹ́rìí méjì tí ọ̀rọ̀ wọn ta kora, adájọ́ tí ó rí ojú wọn tí ó sì gbọ́ ohùn wọn ni ó yẹ kí ó sọ ọ́.

Dídápadà kò sì rí bákan náà níbi gbogbo. Nígbà mìíràn, ilé ẹjọ́ òkè ti sọ òfin tí ó tọ́, ìṣirò tàbí iṣẹ́ kan péré ni ó kù fún ti ìsàlẹ̀. Nígbà mìíràn, ilé ẹjọ́ ìsàlẹ̀ ti kọ̀ láti gbọ́ ohun kan, wọ́n sì ní kí ó lọ gbọ́ ọ. Nígbà mìíràn ẹ̀wẹ̀, gbogbo ìgbẹ́jọ́ náà ti dàrú láti ìpìlẹ̀, wọ́n á sì pàṣẹ ìgbẹ́jọ́ lákọ̀tun, níwájú adájọ́ mìíràn lọ́pọ̀ ìgbà, bí ẹni pé wọn kò gbọ́ ẹjọ́ náà rí.

Ìbéèrè kan ṣẹ́ kù kí a tó dé ibi àwọn ẹjọ́ fúnra wọn: ta ni ìdájọ́ atọ́nà tuntun ń ràn lọ́wọ́? Lójú òfin, ilé ẹjọ́ kì í dá òfin sílẹ̀, ó ń sọ ohun tí òfin jẹ́ láti àtètèkọ́ṣe ni. Nítorí náà, ìdájọ́ tuntun de gbogbo ẹjọ́ tí ó ṣì ń lọ lọ́wọ́, pàápàá èyí tí ó ti wà ní kòtẹ́milọ́rùn kí ìdájọ́ náà tó jáde. Ṣùgbọ́n ẹjọ́ tí ó ti parí pátápátá, tí ẹni tí ó jẹ̀bi kò sì pe kòtẹ́milọ́rùn lásìkò, kì í tún ṣí sílẹ̀ nítorí pé ẹlòmíràn ja irú ìjà náà tí ó sì borí lẹ́yìn náà. Oṣù mẹ́ta ni òfin fún ẹni tí ó fẹ́ gbé ìdájọ́ ìkẹyìn nínú ẹjọ́ lásán, ìyẹn ẹjọ́ tí kì í ṣe ti ọ̀daràn, lọ sí Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn. Ọjọ́ 14 ni fún ìdájọ́ àárín ọ̀nà, ọjọ́ 90 sì ni fún ẹjọ́ ọ̀daràn. Ẹni tí ó bá ti jẹ́ kí ọjọ́ kọjá gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ bẹ ilé ẹjọ́ fún àfikún àkókò, kí ó sì ṣàlàyé ohun tí ó dá a dúró.

Ilẹ̀ Àpápá: dídápadà tí ó so èso

Ẹjọ́ tí ó fi bí dídápadà ṣe yẹ kí ó rí hàn jù lọ nílẹ̀ Yorùbá ni ti Olóyè Àmọ́dù Tìjání, Olúwa ti Èkó, ọ̀kan nínú àwọn Ìdẹ́jọ, ìyẹn àwọn ìjòyè onífìlà funfun tí ilẹ̀ Èkó wà lábẹ́ wọn. Ní ọdún 1913, ìjọba gba ilẹ̀ tí ó wà ní Àpápá lábẹ́ òfin ọdún 1903 tí ó fún un láṣẹ láti gba ilẹ̀ fún ìlò gbogbo ènìyàn, òfin náà sì sọ pé kí ìjọba san owó gbà-máà-bínú. Ìbéèrè tí ó dé ilé ẹjọ́ ni pé owó kí ni wọn yóò san. Ìjọba rò pé àdéhùn tí Ọba Dòsùnmú bá àwọn Òyìnbó ṣe ní ọjọ́ 6, oṣù Kẹjọ, ọdún 1861 ti fi ilẹ̀ Èkó fún ọba Gẹ̀ẹ́sì, àti pé ohun tí ó kù lọ́wọ́ Olúwa kò ju ẹ̀tọ́ ìṣàkóso àti ìṣákọ́lẹ̀ díẹ̀ lọ. Adájọ́ àgbà gba èrò yìí, àpapọ̀ àwọn adájọ́ tí ó gbọ́ kòtẹ́milọ́rùn náà sì fọwọ́ sí i.

Olúwa gbé ẹjọ́ náà dé Lọ́ńdọ̀nù, Herbert Macaulay sì bá a lọ ní ọdún 1920 pẹ̀lú ọ̀pá àṣẹ Elékòó Èṣùgbàyí, ọba Èkó, lọ́wọ́ rẹ̀. Ní oṣù Keje ọdún 1921, Viscount Haldane ka ìdájọ́ Privy Council pé àdéhùn tí ó yí ìjọba padà kò gba ohun ìní lọ́wọ́ onílẹ̀, pé àwùjọ àti ẹbí ni ó ni ilẹ̀ lábẹ́ àṣà, tí olóyè sì ń ṣojú fún wọn, nítorí náà owó tí ìjọba yóò san gbọ́dọ̀ jẹ́ owó ẹni tí ó ni ilẹ̀ pátápátá. Ṣùgbọ́n àwọn adájọ́ náà kò jókòó sí Lọ́ńdọ̀nù kí wọ́n máa ka iye tí ilẹ̀ Àpápá tó. Wọ́n wọ́gi lé ìdájọ́ ìsàlẹ̀, wọ́n kéde ìpìlẹ̀ òfin tí ó tọ́, wọ́n sì dá ẹjọ́ padà sí Nàìjíríà pé kí wọ́n fi ìkéde náà ṣiṣẹ́. Pọ́n-ùn 22,500 ni ìjọba san níkẹyìn.

Ohun mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tí a mẹ́nu bà nínú ìfáárà pé síbí. Ọ̀rọ̀ àṣẹ náà kò rú ẹnikẹ́ni lójú, nítorí pé ó sọ irú ẹ̀tọ́ tí wọn yóò fi ṣe ìṣirò, ó sì fi ìṣirò nìkan sílẹ̀. Àkókò kò dí i lọ́wọ́. Ẹ̀rí náà kò sì lè sọnù, nítorí pé ilẹ̀ fúnra rẹ̀ ni. Ìdí nìyẹn tí ìdájọ́ náà fi di atọ́nà tí ó rìn jìnnà, tí àwọn adájọ́ Kánádà tọ́ka sí i nínú ẹjọ́ Calder ní ọdún 1973, tí Ilé Ẹjọ́ Gíga Ọsirélíà sì lò ó nínú ẹjọ́ Mabo ní ọdún 1992, nígbà tí wọ́n gbà níkẹyìn pé àwọn ọmọ onílẹ̀ ibẹ̀ ní ẹ̀tọ́ sí ilẹ̀ wọn kí Òyìnbó tó dé.

Elékòó Èṣùgbàyí: ẹjọ́ tí a dá padà lẹ́ẹ̀mejì

Ọ̀pá àṣẹ tí Macaulay gbé lọ sí Lọ́ńdọ̀nù wà lára ohun tí ó da Elékòó àti ìjọba rú, ó sì bí ẹjọ́ tirẹ̀. Ní oṣù Kẹjọ ọdún 1925, ìjọba yọ Èṣùgbàyí lóyè, ó sì lé e lọ sí Ọ̀yọ́ lábẹ́ òfin ọdún 1917 tí ó fún gómìnà lágbára lórí olóyè tí wọ́n bá rọ̀ lóyè. Àwọn agbẹjọ́rò rẹ̀ béèrè fún ìwé àṣẹ tí ó ń mú kí ẹni tí ó ti ènìyàn mọ́lé wá ṣàlàyé níwájú adájọ́ pé òfin wà lẹ́yìn òun. Nígbà tí adájọ́ kan kọ̀, wọ́n fẹ́ lọ sọ́dọ̀ adájọ́ mìíràn, àwọn ilé ẹjọ́ Èkó sì ní wọn kò lẹ́tọ̀ọ́ sí i. Ní ọdún 1928, Privy Council ní wọ́n lẹ́tọ̀ọ́, pé adájọ́ kọ̀ọ̀kan tí wọ́n bá tọ̀ lọ gbọ́dọ̀ gbọ́ ẹ̀bẹ̀ náà, ó sì dá ẹjọ́ padà kí wọ́n gbọ́ ọ.

Wọ́n gbọ́ ọ, ṣùgbọ́n bí ẹni tí kò gbọ́ ni, nítorí pé ilé ẹjọ́ gbà pé ohun tí gómìnà bá ti sọ kò ṣe é tú yẹ̀ wò. Ẹjọ́ náà tún gba ọ̀nà òkun lọ. Ní oṣù Kẹta ọdún 1931, Lord Atkin sọ lórúkọ Privy Council pé aláṣẹ kankan kò lè gba òmìnira tàbí ohun ìní lọ́wọ́ ènìyàn àfi bí ó bá lè fi hàn níwájú ilé ẹjọ́ pé òfin fún un láṣẹ. Ohun mẹ́ta ni ilé ẹjọ́ Èkó gbọ́dọ̀ fi ẹ̀rí wádìí: bóyá Èṣùgbàyí jẹ́ irú olóyè tí òfin náà ń sọ, bóyá wọ́n ti rọ̀ ọ́ lóyè lóòótọ́, àti bóyá àṣà ìlú béèrè pé kí ó kúrò níbẹ̀. Fún ìgbà kejì, ẹjọ́ padà sí Èkó.

Wọn kò dáhùn ìbéèrè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta rí. Gómìnà tuntun, Sir Donald Cameron, yàn láti parí ọ̀rọ̀ náà níta ilé ẹjọ́, Elékòó sì padà sí Èkó ní ọdún 1931 kan náà, lẹ́yìn nǹkan bí ọdún mẹ́fà, ó sì wàjà ní oṣù Kẹwàá ọdún 1932. A lè sọ pé ìjọba wo ohun tí ilé ẹjọ́ máa béèrè lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì rí i pé ó sàn kí òun má dáhùn. Nítorí náà, ẹjọ́ tí a dá padà lè ṣiṣẹ́ láìjẹ́ pé wọ́n tún un gbọ́, bí ìbéèrè tí ó gbé padà wá bá mú tó. Ṣùgbọ́n owó rẹ̀ wọ́n, ọba kan lo ọdún mẹ́fà nínú ìgbèkùn, kò sì lò ju ọdún kan àti díẹ̀ lọ nílé lẹ́yìn rẹ̀.

Ìgbà tí ó yẹ kí a tún ẹjọ́ ọ̀daràn gbọ́

Nínú ẹjọ́ ọ̀daràn, dídápadà ní ewu tí kò sí nínú ẹjọ́ ilẹ̀, nítorí pé ẹni tí ó ti jìyà ẹjọ́ lẹ́ẹ̀kan ni wọn yóò tún mú dúró. Abala 36(9) ìwé òfin orílẹ̀-èdè sọ pé wọn kò gbọ́dọ̀ tún bá ènìyàn ṣẹjọ́ lórí ẹ̀sùn tí wọ́n ti dá a lẹ́bi tàbí dá a láre lé lórí, àfi bí ilé ẹjọ́ tí ó ga bá pàṣẹ bẹ́ẹ̀. Ìdájọ́ atọ́nà tí ó sọ ìgbà tí irú àṣẹ bẹ́ẹ̀ tọ́ ni ti Yesufu Abodundu àti ìjọba Ọbabìnrin, tí Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ti ìjọba àpapọ̀ ṣe ní ọdún 1959.

Ohun márùn-ún ni ìdájọ́ náà ní ó gbọ́dọ̀ pé. Àṣìṣe gbọ́dọ̀ wà nínú òfin tàbí ìlànà tí wọ́n tẹ̀ lé, èyí tí kò sọ gbogbo ìgbẹ́jọ́ náà di òfo, tí ilé ẹjọ́ òkè kò sì lè fọwọ́ sọ̀yà pé kò ba ìdájọ́ òdodo jẹ́. Bí a bá yọ àṣìṣe náà kúrò, ẹ̀rí tí ó kù gbọ́dọ̀ nípọn lọ́rùn olùjẹ́jọ́. Kò gbọ́dọ̀ sí ohun pàtàkì kan tí yóò sọ ìgbẹ́jọ́ kejì di ìnira àìtọ́ fún un. Ẹ̀sùn náà tàbí àbájáde rẹ̀ kò gbọ́dọ̀ jẹ́ ohun kékeré. Ní ìparí, kíkọ̀ láti tún un gbọ́ gbọ́dọ̀ ba ìdájọ́ òdodo jẹ́ ju títún un gbọ́ lọ. Ẹni tí ó bá wo márààrún yóò rí i pé apá kan nínú wọn ń ṣọ́ ìlú kí ọ̀daràn má baà ti ihò àṣìṣe lọ́yà tàbí adájọ́ jáde, apá kejì ń ṣọ́ olùjẹ́jọ́ kí ìjọba má baà máa gbìdánwò lórí rẹ̀ títí yóò fi rí ìdájọ́ tí ó wù ú.

Àṣẹ tí kò dárúkọ gbogbo ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn

Ẹjọ́ tí ó tún ìbéèrè yìí gbé dìde láìpẹ́ yìí ni ti Orji Uzor Kalu, gómìnà Ìpínlẹ̀ Abia láti ọdún 1999 sí 2007, àti Ude Jones Udeogu tí ó ti jẹ́ ọ̀gá nídìí ètò ìṣúná níbẹ̀. Ilé Ẹjọ́ Gíga ti ìjọba àpapọ̀ ní Èkó ni ó gbọ́ ẹ̀sùn owó tí ó lé ní bílíọ̀nù 7 náírà tí wọ́n fi kàn wọ́n. Kí ìgbẹ́jọ́ náà tó parí, wọ́n gbé adájọ́ tí ó ń gbọ́ ọ, Mohammed Idris, ga sí Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn, àmọ́ abala 396(7) nínú Òfin Ìṣàkóso Ẹjọ́ Ọ̀daràn ti ọdún 2015 sọ pé adájọ́ tí wọ́n gbé ga lè padà wá parí ẹjọ́ ọ̀daràn tí ó ti bẹ̀rẹ̀. Ohun tí òfin náà ń lé ni pé kí ẹjọ́ tí ó ti jẹ ọ̀pọ̀ ọdún má baà bẹ̀rẹ̀ láti orí òfo nítorí ìgbéga adájọ́ kan. Adájọ́ náà padà wá, ó sì rán Kalu lọ sí ẹ̀wọ̀n ọdún 12, ó rán Udeogu lọ sí ti ọdún 10, ní ọjọ́ 5, oṣù Kejìlá, ọdún 2019.

Ṣùgbọ́n ìdájọ́ atọ́nà kan ti wà nílẹ̀ láti ọdún 1979, nínú ẹjọ́ Ogbunyiya àti Okudo, níbi tí Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ti sọ pé ìdájọ́ tí adájọ́ kan kà ní Ilé Ẹjọ́ Gíga lẹ́yìn tí wọ́n ti gbé e lọ sí ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn jẹ́ òfo. Ní ọjọ́ 8, oṣù Karùn-ún, ọdún 2020, adájọ́ méje Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ fi ẹnu kò pé òfin tí ilé aṣòfin ṣe ní ọdún 2015 kò lè borí ìwé òfin orílẹ̀-èdè, pé adájọ́ Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn kò lè jẹ́ adájọ́ Ilé Ẹjọ́ Gíga lẹ́ẹ̀kan náà, nítorí náà abala 396(7) di òfo, ẹjọ́ sì gbọ́dọ̀ padà sọ́dọ̀ adájọ́ àgbà Ilé Ẹjọ́ Gíga ti ìjọba àpapọ̀ kí ó yàn án fún adájọ́ mìíràn. Láti ọjọ́ náà, kò sí ẹjọ́ ọ̀daràn tí adájọ́ tí wọ́n ti gbé ga lè fi abala yẹn ṣe àwíjàre láti parí. Ọ̀dọ̀ adájọ́ tuntun ni yóò ti bẹ̀rẹ̀ lákọ̀tun.

Udeogu ni ó pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn tí ó bí ìdájọ́ yìí, ibẹ̀ sì ni ọ̀rọ̀ ti fẹjú. Wọ́n tú Kalu sílẹ̀ ní oṣù Kẹfà ọdún 2020, nítorí pé ìdájọ́ tí ó fi í sẹ́wọ̀n kò sí mọ́. Nígbà tí àjọ EFCC fẹ́ tún bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ rẹ̀, Adájọ́ Inyang Ekwo ti Abùjá dá a dúró ní ọjọ́ 29, oṣù Kẹsàn-án, ọdún 2021, ó ní àṣẹ ìgbẹ́jọ́ lákọ̀tun tí Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ pa kò dárúkọ Kalu, abala 36(9) sì kọ̀ kí wọ́n tún bá ènìyàn ṣẹjọ́ láìsí irú àṣẹ bẹ́ẹ̀. Ìdájọ́ kan náà tú ẹni méjì sílẹ̀, àmọ́ ẹnì kan péré ni àṣẹ dídápadà dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Bóyá èyí tẹ́ni lọ́rùn tàbí kò tẹ́ni lọ́rùn, ohun tí ó fi kọ́ni ni pé ìlà díẹ̀ tí ó kẹ́yìn ìdájọ́, èyí tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kì í kà lẹ́yìn tí wọ́n bá ti gbọ́ ẹni tí ó borí, ni agbára ilé ẹjọ́ ìsàlẹ̀ mọ sí. Ilé ẹjọ́ tí wọ́n dá ẹjọ́ padà sí kò lè fẹ̀ ẹ́, kò sì lè dín in kù.

Àkókò tí kì í dúró

Ibi tí àìtó àkókò ti pa dídápadà run pátápátá ni ẹjọ́ ìdìbò. Àtúnṣe tí wọ́n ṣe sí abala 285 ìwé òfin orílẹ̀-èdè ní ọdún 2010 sọ pé ìgbìmọ̀ tí ń gbọ́ ẹ̀sùn ìdìbò gbọ́dọ̀ dá ẹjọ́ láàárín ọjọ́ 180 sí ọjọ́ tí wọ́n pè é, kòtẹ́milọ́rùn sì gbọ́dọ̀ parí láàárín ọjọ́ 60. Kí àtúnṣe náà tó dé, ẹlòmíràn ti lo púpọ̀ nínú ọdún mẹ́rin rẹ̀ lórí àlééfà kí ilé ẹjọ́ tó sọ pé kì í ṣe òun ni ìlú yàn. Lẹ́yìn ìdìbò ọdún 2011, Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn dá ẹjọ́ mélòó kan padà pé kí wọ́n tún un gbọ́, ìbéèrè sì dìde bóyá ọjọ́ 180 náà tún bẹ̀rẹ̀ láti orí ení. Nínú ẹjọ́ ẹgbẹ́ ANPP àti Goni lórí ipò gómìnà Ìpínlẹ̀ Borno, Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ dáhùn ní oṣù Kejì ọdún 2012 pé kò tún bẹ̀rẹ̀: láti ọjọ́ tí wọ́n pe ẹjọ́ ni a ti ń kà á, kò sí ilé ẹjọ́ tí ó lè fi ọjọ́ kan kún un, àṣẹ ìgbẹ́jọ́ lákọ̀tun pàápàá kò lè ṣe é.

Ohun tí ìdájọ́ yìí bí ni pé ẹni tí wọ́n fi ẹ̀tọ́ rẹ̀ dù ú lórí kókó òfin kan lè borí ní kòtẹ́milọ́rùn, kí wọ́n dá ẹjọ́ rẹ̀ padà, kí ó sì rí i pé ọjọ́ ti tán. Òfin gbìyànjú láti dí ihò náà. Àtúnṣe kẹrin ìwé òfin, tí wọ́n buwọ́ lù ní ọdún 2018, sọ pé bí ẹnikẹ́ni bá takò ẹjọ́ ìdìbò pé ilé ẹjọ́ kò lágbára láti gbọ́ ọ, ilé ẹjọ́ gbọ́dọ̀ fi ìdáhùn sí àtakò náà sílẹ̀ di ọjọ́ ìdájọ́ ìkẹyìn, kí ó sì máa gbọ́ ẹjọ́ lọ. Bákan náà ni Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ti ń tẹnu mọ́ ọn fún ilé ẹjọ́ ìsàlẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ó ti ṣe nínú ẹjọ́ Brawal Shipping àti Onwadike ní ọdún 2000, pé kí wọ́n dáhùn gbogbo ìbéèrè tí ó wà níwájú wọn, kí ó má jẹ́ pé ọ̀kan ṣoṣo ni wọn yóò fi pa ẹjọ́ náà dé. Bí òkè bá rí i pé wọ́n ṣìnà lórí ọ̀kan yẹn, ìdáhùn ìyókù á wà nílẹ̀, kò sì ní sí ìdí láti dá ẹjọ́ padà.

Àwọn Amẹ́ríkà gba ọ̀nà mìíràn. Bí Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ wọn bá ti ṣe ìdájọ́ atọ́nà tuntun, ó máa ń kó àwọn ẹjọ́ tí ó jọ ọ́ tí ó wà lẹ́nu ọ̀nà, kí ó gbà wọ́n wọlé, kí ó wọ́gi lé ìdájọ́ ìsàlẹ̀, kí ó sì dá wọn padà, gbogbo rẹ̀ nínú ìlà díẹ̀, láìgbọ́ ẹnu agbẹjọ́rò kankan, pé kí ìsàlẹ̀ fi ìdájọ́ tuntun wò wọ́n. Lẹ́yìn ìdájọ́ Booker lórí ọ̀nà tí wọ́n ń gbà ka iye ọdún ẹ̀wọ̀n, ní oṣù Kìíní ọdún 2005, ọgọ́rọ̀ọ̀rún ẹjọ́ ni wọ́n dá padà báyìí. Lẹ́yìn ìdájọ́ Bruen lórí ẹ̀tọ́ láti gbé ìbọn, ní oṣù Kẹfà ọdún 2022, wọ́n dá ẹjọ́ Maryland tí ó takò òfin tí ó ka irú ìbọn kan léèwọ̀ padà. Ilé ẹjọ́ ìsàlẹ̀ tún un yẹ̀ wò, ní oṣù Kẹjọ ọdún 2024 ó sì tún sọ pé òfin Maryland dúró. Èyí ni ẹ̀rí tí ó dájú jù lọ pé dídápadà kì í ṣe ìṣẹ́gun; àǹfààní láti tún sọ tẹnu ẹni lábẹ́ òfin tí ó tọ́ ni.

Ẹ̀rí tí ó ń darúgbó

Nínú ẹjọ́ ilẹ̀ ní agbègbè bíi Àpòmù àti Ìkirè, ohun tí ó ń bá ẹjọ́ tí a dá padà jà jù lọ ni ikú. Ní ọdún 1976, Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ sọ nínú ẹjọ́ Idundun àti Okumagba pé ọ̀nà márùn-ún ni ènìyàn lè gbà fi hàn pé òun ni ó ni ilẹ̀: ìtàn ìṣẹ̀dálẹ̀, ìwé ilẹ̀, lílo ilẹ̀ náà bí onílẹ̀ ti ń lò ó, pípẹ́ lórí rẹ̀, àti níní ilẹ̀ tí ó bá a pààlà. Níbi tí oko kòkó ti jẹ́ ogún bàbá ńlá tí kò sì sí ìwé, ìtàn ìṣẹ̀dálẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ẹbí máa ń gbé lọ sí ilé ẹjọ́, ẹnu àwọn àgbà ni ìtàn náà sì wà. Bí wọ́n bá wá pàṣẹ ìgbẹ́jọ́ lákọ̀tun lẹ́yìn ogún ọdún, tí adájọ́ tuntun kò sì lè lo ohun tí ẹlẹ́rìí sọ níwájú adájọ́ àkọ́kọ́ bí ẹni pé òun ni ó gbọ́ ọ, ẹbí tí àgbà rẹ̀ ti lọ lè bá ara rẹ̀ láìní ẹlẹ́rìí kankan.

Òfin kò gbàgbé wọn pátápátá. Abala 46 nínú Òfin Ẹ̀rí ti ọdún 2011 gbà pé ohun tí ẹlẹ́rìí sọ nínú ìgbẹ́jọ́ ìṣáájú lè wọlé nínú ti ẹ̀yìn bí ẹlẹ́rìí náà bá ti kú tàbí tí wọn kò rí i, níwọ̀n ìgbà tí ó bá jẹ́ pé àwọn ẹni kan náà tàbí àrólé wọn ni ó ń ṣẹjọ́, pé ohun tí wọ́n ń jà lé lórí kò yí padà, àti pé ẹgbẹ́ kejì ti láǹfààní láti bi ẹlẹ́rìí náà ní ìbéèrè nígbà náà. Gbólóhùn ìkẹyìn yìí bá òwe mu, pé agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà: ọ̀rọ̀ òkú lè wọlé, ṣùgbọ́n kìkì èyí tí alátakò ti dán wò nígbà tí olúwarẹ̀ wà láàyè. Kí abala yìí tó lè wúlò, àkọsílẹ̀ ìgbẹ́jọ́ àkọ́kọ́ gbọ́dọ̀ wà, kí ó sì ṣe é kà. Ẹbí tí kò gba ẹ̀dà rẹ̀ tí ilé ẹjọ́ ti fọwọ́ sí, tí ó fi gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ fún lọ́yà tí òun náà lè kú tàbí kó kúrò nílùú, ti fi ẹ̀rí tirẹ̀ ṣòfò.

Ìkádìí

Ohun tí ó yẹ kí ó ti ibi àyẹ̀wò yìí jáde kò pọ̀, ṣùgbọ́n ó kan ẹni púpọ̀. Agbẹjọ́rò tí ó ń béèrè pé kí wọ́n dá ẹjọ́ padà gbọ́dọ̀ béèrè fún àṣẹ tí ó dárúkọ ẹni tí ó kàn, iṣẹ́ tí ó kù, àti ilé ẹjọ́ tí yóò ṣe é, nítorí pé ẹjọ́ Àpápá fi bí àṣẹ tí ó yanjú ṣe ń ṣiṣẹ́ hàn, ẹjọ́ Udeogu ti ọdún 2020 sì fi ohun tí àṣẹ tí ó dín ń fà hàn. Adájọ́ ìsàlẹ̀ gbọ́dọ̀ dáhùn gbogbo ìbéèrè tí ó wà níwájú rẹ̀, kí àṣìṣe lórí kókó kan má baà sọ iṣẹ́ ọ̀pọ̀ ọdún di òfo. Àwọn aṣòfin gbọ́dọ̀ rántí pé gbèdéke tí kò fi àyè sílẹ̀ fún ẹjọ́ tí a dá padà ń gba àtúnṣe lọ́wọ́ ẹni tí ilé ẹjọ́ ti sọ pé wọ́n ṣe àṣìṣe sí. Àwọn ẹbí tí ó ní ilẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ kí àwọn àgbà sọ ìtàn wọn níwájú ilé ẹjọ́ nígbà tí agbára ṣì wà, kí wọ́n sì tọ́jú àkọsílẹ̀ rẹ̀.

Àwọn Yorùbá ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, òótọ́ sì ni fún ẹjọ́ tí ẹnì kan ti borí pátápátá. Ṣùgbọ́n ẹjọ́ tí a dá padà ṣì wà láàárín ọ̀nà. Òfin ti ṣe kedere, ẹ̀gbẹ́ méjèèjì ti mọ ibi tí agbára wọn mọ, ìgbà náà sì ni ìfikùnlukùn máa ń rọrùn jù, gẹ́gẹ́ bí Cameron ti rí i lórí ọ̀rọ̀ Elékòó. Ẹni tí kò bá fẹ́ parí rẹ̀ nílé, tí ó fẹ́ kí ìdájọ́ tuntun ṣe òun láǹfààní, iṣẹ́ mẹ́ta ni ó já lé e léjìká láti ọjọ́ tí ẹjọ́ bá ti padà dé: kí ó ka ọ̀rọ̀ àṣẹ náà dé ìlà tí ó kẹ́yìn, kí ó ka iye ọjọ́ tí òfin fún un, kí ó sì wá àwọn ẹlẹ́rìí rẹ̀ lọ kí ilẹ̀ tó ṣú.